Lee Kang-sheng, òṣèré Taiwan tí kì í kánjú: ìbéèrè àti ìdáhùn

Ẹni tí mo bá fi fíìmù ọkùnrin yìí hàn, ìbéèrè tó máa ń kọ́kọ́ jáde lẹ́nu rẹ̀ kì í yàtọ̀: "Ṣé fóònù rẹ ti há ni, àbí bí ọkùnrin yìí ṣe ń rìn nìyí?" Kò há o. Bó ṣe ń rìn nìyẹn. Mo kó àwọn ìbéèrè tó kù jọ síbí. Èyí tó gba àlàyé, mo fẹ̀ ẹ́ lójú. Èyí tí kò gbà á, mo fò ó kọjá.

Ta ni Lee Kang-sheng?

Òṣèré fíìmù àti tẹlifíṣọ̀n ni, ọmọ Taiwan. Ìlú Taipei tó jẹ́ olú-ìlú wọn ni wọ́n bí i sí, ní ọjọ́ 21 oṣù kẹwàá ọdún 1968. Orí tẹlifíṣọ̀n ni wọ́n ti kọ́kọ́ rí ojú rẹ̀ ní 1991, kò sì tíì kúrò nídìí iṣẹ́ náà títí di òní. Ó ti darí fíìmù tirẹ̀ rí pẹ̀lú. Àmọ́ tí wọ́n bá dárúkọ Lee níbikíbi tí wọ́n ti ń sọ̀rọ̀ sinimá, orúkọ kejì tó máa tẹ̀ lé e ni Tsai Ming-liang, olùdarí fíìmù. Láti 1992, kò sí fíìmù gígùn tí Tsai ṣe tí Lee kò sí nínú rẹ̀. Ó ti lé ní ọgbọ̀n ọdún. Ìgbéyàwó míì kì í pẹ́ tó bẹ́ẹ̀.

Lee bíi ti Bruce Lee? Ṣé ẹbí ni wọ́n?

Rárá. Lee jẹ́ orúkọ ìdílé tó pọ̀ bí eṣú láàárín àwọn tó ń sọ èdè Ṣáínà. Orúkọ ìdílé ni wọ́n sì máa ń kọ́kọ́ pè, kí wọ́n tó pe ti ẹni fúnra rẹ̀, nítorí náà Kang-sheng ni orúkọ tí wọ́n sọ ọ́. Àwa tí a fi fíìmù oníjà Ṣáínà dàgbà, tí à ń ta ẹsẹ̀ sókè láàárín yàrá títí tí ìyá wa fi máa gbá wa létí, ká má retí ìjà kankan lọ́dọ̀ Lee yìí o. Tó bá fẹ́ gbé ẹsẹ̀ kan, ẹ lè lọ bu omi mu kẹ́ ẹ tó padà.

Orúkọ kan ṣì wà tó yẹ kẹ́ ẹ mọ̀: Hsiao-kang. "Hsiao" túmọ̀ sí kékeré. Bí àwọn àgbà àti ọ̀rẹ́ ṣe ń ké orúkọ ẹni kúrú nìyẹn, bí àwa náà ṣe ń gé Kọ́láwọlé sí Kọ́lá. Orúkọ tí wọ́n ń pè é nílé ni, òun náà ni ẹ̀dá tó ń ṣe nínú ọ̀pọ̀ fíìmù Tsai ń jẹ́. Ibi tí ọ̀rọ̀ náà ti ń díjú nìyẹn, nítorí ẹ ò ní mọ ibi tí Hsiao-kang inú fíìmù parí sí àti ibi tí Hsiao-kang ilé ti bẹ̀rẹ̀.

Báwo ló ṣe di òṣèré? Ṣé ó lọ ilé-ẹ̀kọ́ tíátà ni?

Kò lọ. Kódà ìdánwò àṣewọlé yunifásítì, irú èyí tí JAMB jẹ́ fún wa, já a kulẹ̀, ó sì padà sí lẹ́sìnnì. Láàárín àkókò yẹn, ó ń jókòó síwájú ilé géèmù kan ní Ximending, àdúgbò ìgbafẹ́ àwọn ọ̀dọ́ ní Taipei. Iṣẹ́ rẹ̀ níbẹ̀ kò le: kó máa ṣọ́ ọlọ́pàá. Tí ó bá rí wọn lọ́ọ̀ọ́kán, kó ta àwọn tó wà nínú ilé lólobó.

Ibi tó jókòó sí náà ni Tsai Ming-liang ti rí i. Tsai kì í ṣe ọmọ Taiwan ní tirẹ̀. Kuching ní Sarawak, lórílẹ̀-èdè Malaysia, ni wọ́n bí i sí ní 1957. Ọmọ ogún ọdún ni nígbà tó wá sí Taiwan wá kàwé, ó kọ́ nípa eré, ó ń kọ eré orí ìtàgé, lẹ́yìn náà ó bọ́ sídìí iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n. Lásìkò tí mò ń wí yìí, ó ń wá ọmọkùnrin tó máa kó ipa nínú eré tẹlifíṣọ̀n kan tí wọ́n pè ní Boys, eré nípa àwọn ọmọ ilé-ìwé tó ń fi agbára gba owó lọ́wọ́ àwọn tó kéré sí wọn. Ó wo ọmọ tó jókòó lẹ́nu ọ̀nà, ó bi í bóyá ó fẹ́ ṣe eré. Bó ṣe bẹ̀rẹ̀ nìyẹn.

Ṣé lóòótọ́ ni pé Tsai fẹ́ẹ̀ lé e lọ ní ọjọ́ tí wọ́n kọ́kọ́ ṣiṣẹ́?

Bóyá ká má pè é ní lílé, àmọ́ inú bí i. Tsai fúnra rẹ̀ ti sọ ìtàn náà lọ́pọ̀ ìgbà. Wọ́n gbé kámẹ́rà kalẹ̀, Lee bẹ̀rẹ̀ sí ṣe é, gbogbo rẹ̀ ń falẹ̀. Kó yí orí padà, á pẹ́. Kó ṣẹ́jú, á pẹ́. Ó dà bí ẹ̀rọ lójú Tsai. Ó ní kó yára díẹ̀, kó máa ṣe bí èèyàn. Lee dá a lóhùn pé bí òun ṣe rí nìyẹn.

Ẹ jẹ́ ká dúró lórí ìdáhùn yẹn díẹ̀, torí gbogbo iṣẹ́ tó tẹ̀ lé e, orí rẹ̀ ló dúró lé. Ọmọ tí kò kọ́ṣẹ́, ọjọ́ àkọ́kọ́ níwájú kámẹ́rà, ọ̀gá ní kó yára, kò bẹ̀bẹ̀, kò sì gbìyànjú láti ṣe bí àwọn òṣèré tó rí lórí tẹlifíṣọ̀n. Tsai padà lọ rò ó. Ó wá yé e pé ọmọ yìí kò ṣe eré burúkú rárá; àwọn tó kù tó ń yára ṣẹ́jú, tó ń yára yí orí, àwọn ló ń ṣe eré. Bí Lee ṣe ń ṣe é lòun ń gbé e nílé. Láti ìgbà náà, olùdarí kò ti òṣèré mọ́. Ó gbé kámẹ́rà kalẹ̀, ó dúró dè é.

Àwọn àgbà ní bí ìgbín bá fà, ìkarahun a tẹ̀ lé e. Ọ̀pọ̀ ìwé tí wọ́n kọ nípa àwọn méjèèjì, Tsai ni wọ́n fi ṣe ìgbín, wọ́n fi Lee ṣe ìkarahun tó ń tẹ̀ lé ọ̀gá rẹ̀ káàkiri. Èmi ò gbà. Lójú tèmi, Lee ni ìgbín. Ìwọ̀n ìrìn rẹ̀ ni fíìmù ń tẹ̀ lé.

Fíìmù wo ló kọ́kọ́ ṣe fún sinimá?

Rebels of the Neon God, 1992. Hsiao-kang jókòó sídìí tábìlì nínú ilé, ó yẹ kó máa kàwé. Aáyán kan gba iwájú rẹ̀ kọjá. Ó fi ẹnu kọ́ńpáàsì, irinṣẹ́ tí àwọn ọmọ ilé-ìwé fi ń ya òbìrí, gún un, ó sì jù ú síta lójú fèrèsé. Ìgbà tó máa gbójú sókè, aáyán ti padà, ó lẹ̀ mọ́ gíláàsì. Ó fi ọwọ́ gbá a. Gíláàsì fọ́, ọwọ́ ya, ẹ̀jẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí kán. Kò tíì sọ gbólóhùn kan, ẹ sì ti mọ gbogbo ohun tó yẹ kẹ́ ẹ mọ̀ nípa rẹ̀.

Bàbá rẹ̀ ń wa táksí. Ní ọjọ́ kan, ọmọkùnrin kan tó ń gun ọ̀kadà fọ́ dígí ẹ̀gbẹ́ táksí náà láàárín títì, ó sì sá lọ. Hsiao-kang lọ gba owó lẹ́sìnnì rẹ̀ padà lọ́dọ̀ àwọn olùkọ́, kò sọ fún ẹnikẹ́ni nílé, ó wá ń fi owó náà tọ ipasẹ̀ ọlọ́kadà káàkiri ìlú. Nígbà tó rí àyè, ó ba ọ̀kadà yẹn jẹ́ yánnayànna. Ó wá wọ yàrá òtẹ́ẹ̀lì, ó ń wo ọmọ náà láti ojú fèrèsé bó ṣe ń rí ohun tó ṣẹlẹ̀ sí ọ̀kadà rẹ̀. Inú rẹ̀ dùn débi pé ó ń fò sókè lórí bẹ́ẹ̀dì, ó fò títí tí orí rẹ̀ fi kan àjà. Ìgbà kan ṣoṣo nìyẹn tí mo rí Lee tó yára nínú fíìmù, orí rẹ̀ sì jìyà ẹ̀.

Orúkọ fíìmù náà lédè Ṣáínà ń tọ́ka sí Nezha, òrìṣà ọmọdé kan nínú ìtàn wọn tí òun àti bàbá rẹ̀ kò rẹ́. Nínú fíìmù, ìyá Hsiao-kang gbé ọ̀rọ̀ ọmọ lọ síbi tí wọ́n ti ń wádìí lọ́wọ́ òrìṣà, wọ́n sì sọ fún un pé Nezha ló padà wá sáyé bí ọmọ rẹ̀. Ìyá tó bá ti gbé ọ̀rọ̀ ọmọ aláìgbọràn lọ síwájú babaláwo rí kò ní rẹ́rìn-ín nígbà tó bá dé ibẹ̀.

Àwọn wo ló ń ṣe bàbá àti ìyá rẹ̀?

Miao Tien ló ń ṣe bàbá, Lu Yi-ching ló ń ṣe ìyá. Àwọn méjì yìí náà ni wọ́n tún jẹ́ òbí rẹ̀ nínú The River àti What Time Is It There?, nítorí náà bí èèyàn ṣe ń wo àwọn fíìmù náà tẹ̀ léra, bí ẹni tó ń ṣàbẹ̀wò sílé ìdílé kan náà lẹ́yìn ọdún mélòó kan ló rí. Ewú ti yọ, ọ̀rọ̀ ti dín kù láàárín wọn. Miao Tien kú ní 2005.

Mo gbọ́ pé ọrùn ń dùn ún. Ṣé inú eré ni àbí lóòótọ́?

Lóòótọ́ ni. Lẹ́yìn Rebels of the Neon God, àìsàn ọrùn kan mú un, orí rẹ̀ fì sí ẹ̀gbẹ́ kan, kò sì ṣeé dá padà. Ọ̀pọ̀ oṣù ni wọ́n fi gbé e kiri ọ̀dọ̀ dókítà àti ọ̀dọ̀ àwọn oníṣègùn ìbílẹ̀, Tsai ń bá a lọ. Ó fi ìrora yẹn ṣe The River, tó jáde ní 1997 tó sì gba àmì-ẹ̀yẹ Silver Bear níbi àjọ̀dún fíìmù Berlin. Nínú rẹ̀, Hsiao-kang pàdé àwọn tó ń ya fíìmù lẹ́bàá odò Tamsui. Olùdarí wọn, tí Ann Hui olùdarí fíìmù láti Hong Kong ṣe, kò rí ohun tó lè ṣe òkú tó léfòó lójú omi bó ṣe fẹ́. Ó bẹ Hsiao-kang pé kó bọ́ sínú odò. Odò náà dọ̀tí. Ó bọ́ sínú rẹ̀, ó dojú bolẹ̀, wọ́n yà á tán, ó lọ wẹ̀ ní òtẹ́ẹ̀lì. Kò pẹ́, ọrùn bẹ̀rẹ̀ sí dùn ún. Ohun tó kù nínú fíìmù náà ni ìrìnàjò ìwòsàn: abẹ́rẹ́, òróró, ìfọwọ́ra, ilé òrìṣà. Bàbá ń fi ọ̀kadà gbé ọmọ, ó ń na ọwọ́ kan sẹ́yìn láti gbé orí ọmọ náà dúró.

Ọrùn ọ̀hún kò fi í sílẹ̀ pátápátá. Àìsàn náà tún dé lẹ́yìn ọ̀pọ̀ ọdún, Tsai tún gbé kámẹ́rà tẹ̀ lé e. Nínú Days, 2020, ìtọ́jú tẹ́ ẹ rí tí wọ́n ń ṣe fún un, tí èéfín ń rú lẹ́yìn rẹ̀, tí abẹ́rẹ́ wà lára, tí ara sì pọ́n wẹ́ẹ́, ìtọ́jú gidi ni. Lẹ́yìn náà ó jáde sí títì ní Hong Kong pẹ̀lú ohun ìdè ọrùn, ó ń fi ọwọ́ gbá ọrùn mú láàárín èrò. Ojú tó wà níbẹ̀ kì í ṣe ojú ẹni tó ń ṣe eré.

Kí ló dé tí kì í sọ̀rọ̀?

Ó ń sọ ọ́, kò kàn pọ̀ ni. Ẹ wo Vive L'Amour, 1994, fíìmù tó gba Golden Lion níbi àjọ̀dún fíìmù Venice, ẹ̀bùn tó ga jù níbẹ̀. Kò sí orin abẹ́lẹ̀ kankan nínú rẹ̀. Èèyàn mẹ́ta ń lo ilé òfo kan náà ní Taipei láìjẹ́ pé wọ́n mọ ara wọn dáadáa: obìnrin tó ń bá wọn ta ilé, ọkùnrin tó ń pàtẹ ọjà lójú títì lóru, àti Hsiao-kang tó jí kọ́kọ́rọ́ tí wọ́n gbàgbé sára ilẹ̀kùn. Iṣẹ́ Hsiao-kang ni pé ó ń ta àyè tí wọ́n ń kó eérú òkú sí. Àwọn òkú ni yóò máa rí ilé gbé nípasẹ̀ rẹ̀. Òun tó wà láàyè kò ní ilé.

Ó ra wọtamẹ́lọ́nì kan, ó gbé e wọ inú ilé òfo náà. Ó gbá a mọ́ra. Ó fẹnu kò ó lẹ́nu, pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, bí ẹni tó ń fẹnu ko ọmọge. Lẹ́yìn náà ó fi ọ̀bẹ lu ihò sí i lára kí ìka rẹ̀ lè wọ̀ ọ́, ó yí i bíi bọ́ọ̀lù lọ sára ògiri, ó fọ́ pẹ́ẹ́pẹ̀ẹ̀pẹ́. Kò sí ọ̀rọ̀ kan lẹ́nu rẹ̀ ní gbogbo ìgbà yẹn. Mo rẹ́rìn-ín nígbà tí mo kọ́kọ́ wò ó. Nígbà kejì, n kò rẹ́rìn-ín mọ́.

Èwo ni fíìmù tó ń yí aago padà?

What Time Is It There?, 2001. Èyí ni mo fẹ́ràn jù, ẹ jẹ́ kí n sọ ọ́ kedere. Bàbá Lee ti kú ní ọdún mélòó kan ṣáájú, bàbá Tsai náà ti kú. Àwọn bàbá méjèèjì ni wọ́n fi fíìmù náà sọrí.

Bàbá Hsiao-kang kú. Hsiao-kang ń ta aago ọwọ́ lórí afárá ẹlẹ́sẹ̀ tó wà níwájú ibùdókọ̀ ojú irin Taipei. Obìnrin kan tó ń lọ sí Paris ní ọjọ́ kejì ní aago tó wà lọ́wọ́ Hsiao-kang gan-an lòun fẹ́ rà, torí ó ń fi àkókò ìlú méjì hàn pọ̀. Hsiao-kang kọ̀. Ó ní ọ̀fọ̀ ṣẹ òun, kò dáa kí èèyàn gba irú aago bẹ́ẹ̀. Obìnrin náà ní ọmọlẹ́yìn Kristi lòun, òun ò gba irú ìyẹn gbọ́. Ó rà á, ó lọ. Láti ìgbà yẹn ni Hsiao-kang ti ń dá gbogbo aago tó bá rí padà sí àkókò Paris, wákàtí méje sẹ́yìn: aago inú ilé, aago àtẹ rẹ̀, kódà ó gun òkè ilé ńlá kan lọ láti fa ọwọ́ aago gàgàrà.

Ìyá rí i pé aago ilé ti yí padà, ó gbà pé bàbá ọmọ rẹ̀ ló ti wálé. Ó bẹ̀rẹ̀ sí se oúnjẹ alẹ́ sí àkókò tuntun náà, ó ń gbé oúnjẹ síwájú àga òfo. Hsiao-kang ní tirẹ̀ ń bẹ̀rù ẹ̀mí bàbá débi pé kò lè jáde lọ sí ilé ìgbọ̀nsẹ̀ lóru. Inú ike ló ń tọ̀ sí. Ẹ̀rín ni, àmọ́ ta ni kò mọ irú òru bẹ́ẹ̀ nínú ilé tí wọ́n ti ṣẹ̀ṣẹ̀ sin òkú? Ní ọjọ́ kan ó mú aáyán kan. Ìyá ké pé kó má pa á, ó lè jẹ́ bàbá rẹ̀ ló padà wá. Hsiao-kang jù ú sínú omi ẹja ńlá tí wọ́n ń sìn nínú ilé. Ẹja gbé e mì. Ẹ rántí aáyán ti 1992?

Wọ́n wó afárá náà lẹ́yìn tí wọ́n ya fíìmù yìí tán. Tsai ṣe fíìmù kékeré kan ní 2002, The Skywalk Is Gone, tí obìnrin náà padà dé láti Paris tó ń wá ọlọ́jà aago, kò rí òun, kò rí afárá.

Ṣé òun náà ti darí fíìmù rí?

Bẹ́ẹ̀ ni. The Missing ni àkọ́kọ́, 2003. Ìyá àgbà kan wọ ilé ìgbọ̀nsẹ̀ ní pápá ìṣeré, ó jáde, kò rí ọmọ-ọmọ rẹ̀ mọ́. Ó bẹ̀rẹ̀ sí wá a, ó ń pariwo, ó ń di gbogbo ẹni tó ń kọjá mú. Lu Yi-ching ni ìyá àgbà náà, obìnrin tó ti ń ṣe ìyá Lee láti ọjọ́ pípẹ́. Fíìmù yìí gba àmì-ẹ̀yẹ New Currents ní Busan, ó tún gba Tiger Award ní Rotterdam. Ọdún kan náà ni Tsai ṣe Goodbye, Dragon Inn, tí Lee ti jẹ́ ẹni tó ń yí fíìmù nínú gbọ̀ngàn sinimá àtijọ́ tí wọ́n fẹ́ tì pa. Tí ẹ bá fi orúkọ Ṣáínà fíìmù méjèèjì sẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn, Bu Jian àti Bu San, ó di gbólóhùn tí ọ̀rẹ́ méjì máa ń sọ tí wọ́n bá dá ibi ìpàdé: n ò ní kúrò níbẹ̀ títí tí mo fi máa rí ọ.

Ìkejì ni Help Me Eros, 2007, nípa ọkùnrin tí òwò ìdókòwò gbé owó rẹ̀ lọ. Òun fúnra rẹ̀ ló kó ipa náà. Venice gbà á sí ìdíje.

Kí ni ọ̀rọ̀ kábéèjì tí gbogbo ènìyàn ń sọ?

Ah. Stray Dogs, 2013.

Lee ń ṣe bàbá ọlọ́mọ méjì tí kò ní ilé. Iṣẹ́ rẹ̀ ni kó dúró sí oríta, kó gbé pátákó ìpolówó dání láti àárọ̀ ṣúlẹ̀, nínú òjò àti afẹ́fẹ́, ẹ̀wù òjò ń fẹ́ pa-pa-pa lára rẹ̀. Kí ni wọ́n ń polówó? Ilé títà. Òun àti àwọn ọmọ rẹ̀ ń sùn nínú ilé àkọ́patì. Àwọn ọmọ náà sì ń lọ sí súpámákẹ́ẹ̀tì láti jẹ oúnjẹ ìtọ́wò ọ̀fẹ́. Ọmọ inú ìdílé Lee gan-an ni àwọn ọmọ méjèèjì. Níbi tó dúró sí lórí títì, kámẹ́rà sún mọ́ ojú rẹ̀, ó bẹ̀rẹ̀ sí kọ orin Man Jiang Hong, ewì àtayébáyé tí wọ́n ní ọ̀gágun Yue Fei ló kọ, ewì jagunjagun tó fẹ́ gba ilẹ̀ baba rẹ̀ padà. Ó ń kọ ọ́, omijé ń bọ́, imú ń ṣàn, kò sì lè nù ún torí pátákó wà lọ́wọ́.

Wàyí o, kábéèjì. Ọmọbìnrin rẹ̀ ra kábéèjì kan, ó ya ojú àti ẹnu sí i, ó fi ṣe bèbí. Bàbá dé lóru, ó ti mutí. Ó bá kábéèjì lórí bẹ́ẹ̀dì. Ó gbé ìrọ̀rí lé e lójú, ó tẹ̀ ẹ́ bí ẹni tó fẹ́ pa èèyàn. Ó gbé ìrọ̀rí kúrò, ó wò ó. Ó fi eyín já ojú náà jẹ. Ó ń jẹ ẹ́ ní tútù, ó ń ya á, ó ń rún un, ìbínú di ebi, ebi di ẹkún, ó gbé èyí tó kù mọ́ àyà, ó ń sunkún sí i lára. Kámẹ́rà kò yẹsẹ̀. Ìṣẹ́jú ń lọ. Ọmọ tó ń ṣọ́ ọlọ́pàá lẹ́nu ọ̀nà ilé géèmù nìyẹn o, tí wọ́n ní kò mọ̀ ọ́n ṣe.

Fíìmù náà gba ẹ̀bùn ńlá àwọn onídàájọ́ ní Venice. Ní oṣù kọkànlá ọdún yẹn, ní ayẹyẹ ẹ̀bùn fíìmù Golden Horse tó jẹ́ ti àádọ́ta irú rẹ̀ ní Taipei, wọ́n fún Tsai ní ti olùdarí tó dára jù, wọ́n sì fún Lee ní ti òṣèrékùnrin tó dára jù. Ẹni ọdún 45 ni.

Fíìmù mọ́ńkì ẹlẹ́sìn Búdà tó ń rìn ńkọ́? Kí ni ìtumọ̀ rẹ̀?

Ó ti ọ̀dọ̀ eré orí ìtàgé kan wá, 2011, ní gbọ̀ngàn eré ìjọba ní Taipei, tí Lee ti rìn kọjá láti òpin ìtàgé kan sí ìkejì pẹ̀lú ìlọ́ra tó mú Tsai lójú. Tsai wọ̀ ọ́ ní aṣọ pupa mọ́ńkì, ó fá a lórí, ó ní kó bọ́ bàtà, ó sì mú un jáde sí ìgboro. Ẹni tó wà lọ́kàn rẹ̀ ni Xuanzang, mọ́ńkì ọ̀rúndún keje tó fi ẹsẹ̀ rìn láti Ṣáínà dé Íńdíà lọ wá ìwé mímọ́.

Lee gbé gìgísẹ̀. Ó dúró. Ó gbé àtẹ́lẹsẹ̀. Ó dúró. Ọkọ̀ ń kọjá, àwọn ọmọ ń yà á lẹ́yìn, àwọn kan rò pé ère ni. Ó ti rìn bẹ́ẹ̀ ní Hong Kong, ní Tokyo, ní Paris, àti ní Washington nínú Abiding Nowhere, 2024. Ní Marseille, nínú Journey to the West, 2014, Denis Lavant, òṣèré ọmọ Faransé, ń tẹ̀ lé e lẹ́yìn, ó ń gbìyànjú láti gbé ẹsẹ̀ bó ṣe ń gbé e. Ẹni tó bá rò pé ó rọrùn, kó dìde nísinsìnyí kó gbìyànjú ìṣísẹ̀ mẹ́wàá péré láàárín yàrá. Ìtan yín á jẹ́rìí.

Ìtumọ̀ tí ẹ bá fún un dára. Èmi ò rò pé ìtumọ̀ ni ọ̀rọ̀ náà. Ní 1991 wọ́n ní kó yára. Lẹ́yìn ogún ọdún, ìlọ́ra rẹ̀ nìkan ni fíìmù wá dá lé.

Ṣé Tsai nìkan ló ń bá ṣiṣẹ́ ni?

Ó kù díẹ̀ kó rí bẹ́ẹ̀, àmọ́ rárá. Ó ṣe Sweet Degeneration fún Lin Cheng-sheng ní 1997, ó ṣe Ordinary Heroes fún Ann Hui ní 1999. Ẹnu àìpẹ́ yìí ni àwọn míì wá ń pè é gan-an. Ní 2024 nìkan: Blue Sun Palace, nípa àwọn àtìpó Ṣáínà ní Queens ní New York, tí wọ́n fi hàn ní Cannes; Stranger Eyes láti Singapore, tó wọ ìdíje Venice, tí òun ti jẹ́ ẹni tó ń ṣọ́ ìdílé kan láti ilé òdìkejì; àti Black Ox láti Japan, níbi tí màlúù dúdú kan ti jẹ́ ẹnìkejì rẹ̀. Màlúù náà kì í kánjú. Wọ́n bára mu.

Báwo ni òun àti Tsai ṣe wà sí ara wọn?

Wọ́n jọ ń gbé lórí òkè níta ìgboro. Afternoon, 2015, lẹ́ ẹ máa wò tẹ́ ẹ bá fẹ́ gbọ́ ọ lẹ́nu wọn: àwọn méjèèjì jókòó nínú ilé àlàpà tí igi ti ń wọlé lójú fèrèsé, wọ́n ń bára wọn sọ̀rọ̀ fún ohun tó lé ní wákàtí méjì. Tàbí kí n sọ pé Tsai ń sọ̀rọ̀. Ó ń sọ ti ikú, ti àìsàn, bí òun kò ṣe lè ṣe fíìmù láìsí ojú ọmọkùnrin yìí. Lee ń fa sìgá, ó ń mi orí, ó ń rẹ́rìn-ín díẹ̀, ó dáhùn ní gbólóhùn kúkúrú, ó dákẹ́. Bí wọ́n ṣe ń ṣe é láti ọjọ́ tí wọ́n ti pàdé nìyẹn.

Ṣé mo lè bá àwọn ọmọ wò ó?

Ẹ má ṣe bẹ́ẹ̀. Ìhòòhò wà nínú púpọ̀ nínú wọn, The Wayward Cloud sì jẹ́ nípa òṣèré fíìmù ìṣekúṣe. The River ní ìran kan sí ìparí tí àgbàlagbà gan-an máa ń bojú sí.

Èwo ni kí n fi bẹ̀rẹ̀?

What Time Is It There?, torí ó ní ẹ̀rín, ó sì ní ìtàn tó ṣeé tọ̀. Lẹ́yìn náà Rebels of the Neon God. Ẹ fi Stray Dogs sílẹ̀ di ìgbà tí ojú yín bá ti mọ́ ọn lára; ìran kan wà níparí rẹ̀ tí òun àti obìnrin kan dúró tí wọ́n ń wo àwòrán ara ògiri fún nǹkan bí ìṣẹ́jú mẹ́tàlá, èmi fúnra mi sì sùn lọ nígbà àkọ́kọ́. Kò sí ohun tó ṣẹlẹ̀ nígbà tí mo ń sùn. Nígbà tí mo jí, wọ́n ṣì dúró síbẹ̀.

Tí ẹ bá wá dé orí Days, tí ẹ rí i pé wọ́n ń sọ̀rọ̀ tí kò sì sí ìtumọ̀ kankan nísàlẹ̀, ẹ má wulẹ̀ dààmú ẹni tó fún yín. Ẹ̀dà yín kò bàjẹ́. Tsai ló ní kí wọ́n má fi sí i.